Ìyàwó Ajẹ́lẹ̀ Tí Wọn Ò Ṣèdána Fún

Wọ́n ní Ìbàdàn kì í gbe onílé bí àjèjì. Mo ti gbé ìlú yìí títí ewú fi bo orí mi. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi ibi tí wọ́n gbé ń gbe àjèjì ọ̀hún hàn mí, kí èmi náà lọ tò síbẹ̀. Nígbà tí mo kọ́kọ́ dé àdúgbò Bẹ́yẹrúnkà nílùú yìí, kò sẹ́ni tó gbè mí. Àwọn ọmọdé ń sín mi jẹ bí mo bá sọ̀rọ̀, àwọn àgbà sì ń bi mí léèrè ohun kan náà: "Ìwọ obìnrin yìí, ìyàwó ni ọ́ àbí ẹrú?"

Ẹ má rò pé èébú lásán ni. Ìbéèrè gidi ni lágboolé ológun. Púpọ̀ nínú àwọn obìnrin tí a jọ ń dáná lẹ́yìnkùlé ló jẹ́ pé ogun ló kó wọn wá. Òyìnbó ti ní kò sẹ́rú mọ́, ṣùgbọ́n ẹnu àwọn èèyàn ò tíì gbọ́. Ìyàwó ni ẹni tí ọkọ rẹ̀ lọ dọ̀bálẹ̀ fún bàbá rẹ̀, tó ru oyin, iyọ̀, obì àti iṣu lọ ṣe ìdána. Ẹni tí wọn ò ṣe bẹ́ẹ̀ fún, ohun tó bá wu kálukú ló ń pè é. Mi ò ní èsì láti fọ̀, nítorí kò sẹ́ni tó dọ̀bálẹ̀ fún bàbá mi. Ìlú wa ló fà mí fún ọkọ mi, bí wọ́n ṣe ń fa àgbò fún un.

Ìdó-Odò lorúkọ ìlú náà. Etí odò Ọ̀ṣun ló wà, ìlú kékeré tí èèyàn lè dúró lẹ́nu odi lápá kan kó máa gbọ́ àkùkọ tó ń kọ lápá kejì. Ìlú ahunṣọ àti ẹlẹ́ní ni wá. Ìbàdàn ló ni wá nígbà náà. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe bí wa bá a. Olóyè ológun kan ní Bẹ́yẹrúnkà ni wọ́n fi ìlú wa sábẹ́ rẹ̀, òun náà sì rán ọmọ agboolé rẹ̀ kan wá máa gbé àárín wa, kó máa bójú tó wa. Ẹni bẹ́ẹ̀ là ń pè ní ajẹ́lẹ̀. Òun ló ń gba ìṣákọ́lẹ̀, òun ló ń ṣọ́ ẹnu odi, òun ló ń dá ẹjọ́ tí ọba bá dá tì. Bí ìlú bá sì fẹ́ ṣorí kunkun, òun ló ń ránṣẹ́ sí Ìbàdàn. Ilé rẹ̀ kọjú sí ààfin, ọba fúnra rẹ̀ kì í jókòó gba ìkíni láàárọ̀ láìkọ́kọ́ bi í bóyá ó jí dáadáa.

Ọkọ mi ni ajẹ́lẹ̀ náà. Ọmọ tó ń tọ́jú ẹṣin olóyè ni tẹ́lẹ̀. Ó bá wọn lọ sógun, ó fara gbọgbẹ́ nítan, olóyè sì fẹ́ràn rẹ̀ nítorí pé kì í sọ̀rọ̀ jù, ọwọ́ rẹ̀ sì mọ́. Bí ó ṣe di ẹni tí odindi ìlú ń dọ̀bálẹ̀ fún nìyẹn. Àwọn ajẹ́lẹ̀ ìlú míì ń ṣe bí ẹkùn. Tèmi ò burú tó bẹ́ẹ̀. Àwọn ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ ló burú, ó sì jẹ́ kí wọ́n máa burú lọ. Mi ò mọ èyí tó sàn nínú méjèèjì.

Lọ́dún tí ọ̀dá mú kí ìṣákọ́lẹ̀ pẹ́, àwọn ìjòyè wa pàdé, wọ́n ní kí wọ́n fún ajẹ́lẹ̀ ní ọmọge kan, kó lè fojú fo ọ̀rọ̀ náà. Bàbá mi tó jẹ́ ahunṣọ ló dìde nínú ìpàdé pé òun ò fara mọ́ ọn. Wọ́n ní ó dáa, nígbà tó jẹ́ pé ẹnu tirẹ̀ ló mú jù, ọmọ tirẹ̀ ni àwọn máa mú. Ìyá mi fi osùn kùn mí lẹ́sẹ̀, wọ́n sì mú mi gba iwájú ààfin kọjá lọ́sàn-án gangan. Mi ò sun ẹkún ìyàwó. Ẹkún ìyàwó ní orin tirẹ̀, àwọn ẹgbẹ́ ẹni ló sì máa ń gbè é. Ta ni yóò bá mi gbè é lọ́jọ́ náà? Nígbà tí mo dé ẹnu ọ̀nà ajẹ́lẹ̀, kò sẹ́ni tó bomi fọ ẹsẹ̀ mi bí wọ́n ṣe ń fọ tìyàwó. Ẹsẹ̀ eléruku ni mo fi wọlé ọkọ.

Bàbá mi ò bá wọn jà. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló sọ, gbogbo ìlú sì gbọ́ ọ: "Èmi ò fọ́mọ fún ẹnikẹ́ni o. Ọjọ́ tí ọkùnrin yẹn bá wá dọ̀bálẹ̀ fún mi, tí mo bá ní kó dìde, ọjọ́ náà ni mo tó ní àna."

Nílẹ̀ wa, ọkọ ìyàwó tó bá dọ̀bálẹ̀ kò gbọdọ̀ dá dìde. Àyà ló máa fi lélẹ̀, títí bàbá ìyàwó yóò fi fọwọ́ kàn án lẹ́yìn pé, "Dìde." Àwọn bàbá míì máa ń mọ̀ọ́mọ̀ pẹ́ kí wọ́n tó sọ ọ́, kí onítọ̀hún lè mọ̀ pé ọmọ èèyàn kì í ṣe adìyẹ. Ṣùgbọ́n ajẹ́lẹ̀ kì í dọ̀bálẹ̀ fún ará ìlú tó ń ṣàkóso. Nígbà tí mo kọ́kọ́ bẹ ọkọ mi, ó rẹ́rìn-ín.

"Ọmọ ahunṣọ," bí ó ṣe ń pè mí nìyẹn, "tí mo bá dọ̀bálẹ̀ fún bàbá rẹ lónìí, ta ló máa san ìṣákọ́lẹ̀ lọ́la? Ṣe sùúrù. Tí mo bá fi iṣẹ́ yìí sílẹ̀, màá lọ."

Lọ́dún Iléyá kan, àwọn ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ lọ fa àgbò bàbá mi. Bàbá mi wá fẹjọ́ sùn. Wọ́n ní kó jókòó síta, pé ajẹ́lẹ̀ ń sùn. Ta ni yóò jí ajẹ́lẹ̀? Oyún Àjọkẹ́ ọmọ mi wà nínú mi nígbà náà, mo sì dúró lẹ́yìn ilẹ̀kùn, mò ń wo bàbá mi nínú oòrùn. Mi ò lè gbé omi fún un. Tí mo bá jáde pẹ́nrẹ́n, wọ́n á ní ìyàwó ajẹ́lẹ̀ ń gbè sẹ́yìn ará ìlú, bàbá mi náà ni wọ́n á sì fìyà rẹ̀ jẹ. Nígbà tí ọkọ mi jí tó jáde, àgbò ti di ẹran dídín. Bàbá mi wò ó, ó gbọn eruku ìdí rẹ̀, ó sì lọ sílé. Láti ọjọ́ náà, kò dárúkọ mi mọ́.

Mo ti ní ọmọ lẹ́yìn nígbà tí ìránṣẹ́ dé láti Ìbàdàn. Ó ní Òyìnbó ti sọ pé kí gbogbo ajẹ́lẹ̀ máa bọ̀ wálé, iṣẹ́ wọn ti parí. Ọkọ mi ní kó tún un sọ. Ó tún un sọ. Ọkọ mi wá bọ́ fìlà rẹ̀, ó gbé e lé orúnkún, ó ń wò ó bí ẹni pé fìlà ló máa dá a lóhùn.

Àárọ̀ ọjọ́ tí a máa lọ, ìlú pàṣẹ pé kí ilé kọ̀ọ̀kan yọ obìnrin kan pẹ̀lú ìgbálẹ̀. Ẹni tí a kò bá fẹ́ kó padà wá mọ́, ṣe ni a máa ń gbálẹ̀ tẹ̀ lé e. Ẹni tí wọ́n bá sì ti gbá ẹsẹ̀ rẹ̀ báyẹn, kò gbọdọ̀ wọ ìlú náà mọ́, àfi bí ọmọ ìlú kan bá pè é wọlé. Láti iwájú ilé ajẹ́lẹ̀ títí dé ẹnu odi, wọ́n tò, wọ́n ń kọrin, wọ́n ń gbá ipa ẹsẹ̀ wa bí a ṣe ń fi í lélẹ̀. Àwọn tí a jọ ṣeré òṣùpá wà níbẹ̀. Ìyá mi náà wà níbẹ̀. Mo bojú wẹ̀yìn, mo rí i tó tẹ̀ba, ìgbálẹ̀ wà lọ́wọ́ rẹ̀, omi ń bọ́ lójú rẹ̀ sórí ilẹ̀ tó ń gbá. Mo fẹ́ pè é. Ọkọ mi ní, "Máa rìn." Mo sì ń rìn.

Báyìí ni mo ṣe dé Ìbàdàn, ìyàwó tí ìlú rẹ̀ fà tọrẹ, tí ìlú rẹ̀ tún gbá dànù.

Hẹ̀ẹ̀! Ìlú kan wà tí a kò lè rí ìpẹ̀kun rẹ̀. Lórí òkè Mápó ni mo kọ́kọ́ dúró tí mo wo ìsàlẹ̀, mo ní ṣé èèyàn ló ń gbé abẹ́ gbogbo òrùlé yìí? Ta ló ń sọ wọ́n lórúkọ? Ní Ìdó-Odò, tí o bá pàdé àgbà, o máa kúnlẹ̀, o máa kí i tilé-tọ̀nà. Mo bẹ̀rẹ̀ sí kúnlẹ̀ ní Bẹẹrẹ. Mo kúnlẹ̀ fún ẹni yìí, mo kúnlẹ̀ fún ẹni tọ̀hún, kí n tó parí ìkíni, wọ́n á ti kọjá lọ. Ìyálé mi dúró, ó wò mí tìyanu-tìyanu.

"Orúnkún rẹ á bó," ó ní. "Àwọn tí ò ń kúnlẹ̀ fún ò mọ̀ ọ́!"

Ìyálé mi yẹn, ẹ jẹ́ kí n sọ tirẹ̀. Òun ni ọkọ mi fi sílẹ̀ ní Bẹ́yẹrúnkà nígbà tó lọ jẹ ajẹ́lẹ̀. Obìnrin gbẹ́ńdẹ́kẹ́ ni, ẹnu rẹ̀ mú, ó sì máa ń sọ òtítọ́ níbi tó máa dunni jù. Lọ́jọ́ tí a dé, ó gba Àjọkẹ́ lẹ́yìn mi, ó wẹ̀ ẹ́, ó fún un lẹ́kọ. Ó wá kọjú sí mi.

"Ọmọ dára," ó ní. "Ìyá ọmọ ńkọ́? Ta ló mú ọ wá? Ta ló gbé ìdána ẹ lọ? Nínú ilé yìí, tìyàwó-tẹrú ló ń jẹun, ṣùgbọ́n wọn kì í jókòó sójú kan náà."

Mo sunkún lọ́jọ́ náà títí ojú mi fi wú. Ọkọ mi gbọ́ ọ. Ó ti fi iṣẹ́ ọ̀hún sílẹ̀, àbí kò fi í sílẹ̀? Ṣùgbọ́n ó ní kí n jẹ́ kí òun gboyè ná, pé òun ò lè fọwọ́ lásán lọ bá àwọn tó kọrin lé òun jáde.

Oyè wo? Àwọn ológun tí kò rógun jà kún Ìbàdàn nígbà náà, gbogbo wọn ló ń dúró de oyè. Láràárọ̀ ni ọkọ mi máa ń wọ agbádá, á dé fìlà, á jókòó sí iwájú agboolé pé bóyá olóyè á pe òun. Olóyè fúnra rẹ̀ ń dúró kí Òyìnbó pe òun. Bí àwọn ọmọdé bá jà nídìí ayò, ọkọ mi á ní kí wọ́n wá, á ní, "Ẹ jẹ́ ká gbọ́ tẹnu ẹlẹ́jọ́," á dá ẹjọ́ ayò yẹn bí ẹni dá ẹjọ́ ilẹ̀. Àwọn ọmọ ń fi ṣe yẹ̀yẹ́ lẹ́yìn rẹ̀. Ó ń dùn mí. Ìyà tí ìlú mi jẹ lábẹ́ ọkùnrin yìí ò kúrò nínú mi, síbẹ̀ ó ń dùn mí. Ẹ ò rí i pé ọkàn èèyàn kì í gbọ́ràn.

Èmi ò lè jókòó de oyè. Ìyá mi aláró ni, mo sì mọ bí wọ́n ṣe ń po elú. Mo gbẹ́ ààrò sẹ́yìnkùlé, mo to ìkòkò, mo sẹ́ omi eérú. Aró tí mo kọ́kọ́ po nílẹ̀ yìí kò mú, ó ṣá bí ẹni tó ń ṣàìsàn, nítorí omi wọn yàtọ̀ sí omi wa. Ìyálé mi ní kí n lọ dà á nù. Mi ò dà á nù. Mo ń tọ́ ọ wò, mo ń bu eérú sí i, mo ń bá a sọ̀rọ̀ bí ẹni bá ọmọ sọ̀rọ̀. Lọ́jọ́ tó wá mú, mo gbé aṣọ kan jáde láti inú ìkòkò, ó tutù yọ̀yọ̀, ó ń di dúdú lójú gbogbo wa bí atẹ́gùn ṣe ń fẹ́ sí i. Ìyálé mi kò yìn mí. Ó kàn wọlé, ó gbé ìró tirẹ̀ tó ti ṣá jáde, ó jù ú sí mi lẹ́sẹ̀.

"Ṣe tèmi náà," ó ní. Mo fi ọwọ́ aró bo ẹnu mi kó má rí ẹ̀rín.

Ọwọ́ mi dúdú títí dé ìgbọ̀nwọ́ láti ìgbà náà. Wọ́n kúrò lórí "ẹrú ajẹ́lẹ̀," wọ́n ń pè mí ní "aláró ará Ọ̀ṣun." Orúkọ yìí sàn, ṣùgbọ́n kì í ṣe ìyàwó.

Ní ìrọ̀lẹ́, mo máa ń sọ̀ kalẹ̀ lọ sí Ọjà Ìbà, èyí tí ẹ̀yin ń pè ní Ọjà'ba. Igi kan wà níbẹ̀ tí àwọn oníṣòwò apá Ọ̀ṣun máa ń sọ ẹrù sí. Tí mo bá ti gbóhùn wọn lókèèrè, ara mi á rọ̀. Màá kí wọn tilé-tọ̀nà, wọ́n á sì dúró jẹ́ kí n parí rẹ̀. Ọ̀dọ̀ wọn ni mo ti ń gbọ́ ilé, ẹnu wọn náà sì ni mo fi ń ránṣẹ́. Ẹ kú ewu, ẹ bá mi kí ìyá mi. Ẹ ní Àjọkẹ́ ti yọ eyín. Ẹ ní ó ti ń rìn. Ẹ ní ó ti ń bá mi sẹ́ omi eérú. Nígbà tí iṣẹ́ mi bá fi délé, ọmọ á ti kọjá ibẹ̀. Tí mo bá béèrè bàbá mi, wọ́n á wo ilẹ̀, wọ́n á ní, "Ara wọ́n le. Wọ́n ń hun aṣọ." Kò ránṣẹ́ sí mi rí.

Ìyá mi ránṣẹ́. Obìnrin oníyọ̀ kan ló jẹ́ ẹ fún mi. Ó ní ìyá mi ní kí n má fi ọ̀rọ̀ ìgbálẹ̀ sínú. Pé ipa ẹsẹ̀ tèmi àti ti ọmọ mi, òun ò gbá a síta, ìhà ilé lòun yíjú ìgbálẹ̀ sí. Bóyá bẹ́ẹ̀ ni, bóyá obìnrin náà ló bu iyọ̀ tirẹ̀ sí i, nítorí iṣẹ́ tó bá gba ẹnu púpọ̀ máa ń dùn ju bí wọ́n ṣe rán an lọ. Mo gbà á bẹ́ẹ̀. Mo ru ìtùnú mi gun òkè padà sílé.

Ẹ̀yin tí ẹ ò kúrò nílé rí, ẹ máa ń rò pé ilé ni ibi tí wọ́n bí èèyàn sí. Bí ó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, èmi ò nílé, nítorí wọ́n ti gbá mi kúrò níbẹ̀. Àwọn míì ní ilé ọkọ ni ilé. Èmi ò tíì ní ilé ọkọ, ilé tí mò ń gbé ni mo ní. Àárín méjèèjì ni mo wà, mò ń pa aró. Àjọkẹ́ kò tilẹ̀ mọ ohun tó ń ṣe mí. Ohùn Ìbàdàn ló fi ń bú mi.

Ibi tí ọ̀rọ̀ gbé yí padà nìyí. Ọkọ mi gbọ́ pé Òyìnbó tó wà lórí òkè Àgodi ń wá àwọn tó mọ ọ̀nà ìlú tó yí wa ká. Ajẹ́lẹ̀ ni wọ́n ń pe Òyìnbó náà, nítorí òun ló ń yẹ owó àwọn olóyè wò, òun ló ń dá ẹjọ́ tí wọ́n bá dá tì. Ìyálé mi rẹ́rìn-ín àríntàkìtì nígbà tó gbọ́ orúkọ náà. "Ẹ gbọ́ ná," ó ní, "Ìbàdàn náà ti ní ajẹ́lẹ̀!" Ọkọ mi ò rẹ́rìn-ín. Ó ní ta ló mọ Ìdó-Odò ju òun lọ? Ta ló mọ àwọn ẹjọ́ ilẹ̀ wọn? Ó fọ agbádá rẹ̀, èmi ni mo tún un pa láró, ó sì gun òkè lọ láàárọ̀.

Ìrọ̀lẹ́ ló dé. Kò lọ sí ìjókòó rẹ̀. Ẹ̀yìnkùlé ló gbà wá sọ́dọ̀ mi, ó jókòó sórí òkúta tí mo máa ń sá aṣọ sí. Ètè rẹ̀ ti gbẹ. Mo bu omi fún un, ó mu ún tán, ó sì mú igbá náà dání.

"Wọ́n ní kí n jókòó síta," ó ní.

"Ta ló ní bẹ́ẹ̀?"

"Ògbufọ̀ rẹ̀. Ọmọ tí mo lè bí. Ó ní Òyìnbó ń sùn."

Mò ń fi ọ̀pá ro aró.

"Mo jókòó títí oòrùn fi kúrò lójú mi tó bọ́ sí ẹ̀yìn mi. Ẹnì kan ò fún mi lómi. Nígbà tó jáde, ògbufọ̀ ní kí n dọ̀bálẹ̀, mo sì dọ̀bálẹ̀. Wọ́n bá ara wọn sọ̀rọ̀ lórí mi, wọ́n rẹ́rìn-ín, wọ́n sì lọ. Mi ò mọ ìgbà tí wọ́n lọ. Ọ̀kan nínú àwọn tó ń roko ibẹ̀ ló ní, 'Bàbá, ẹ dìde, wọ́n ti lọ o.'"

Ó yí igbá náà lọ́wọ́.

"Ọmọ ahunṣọ, ṣé báyìí ló rí lára bàbá rẹ lọ́jọ́ náà?"

Mo ní, "Bẹ́ẹ̀ ni ẹ ṣe ṣe wọ́n."

Bí mo ṣe sọ ọ́ nìyẹn, gbagada. Mo ti ń gbé ọ̀rọ̀ yẹn káàkiri láti ìgbà oyún Àjọkẹ́. Ó gbọ́ ọ, kò sì bínú. Ó kàn ń mi orí. Mo rí i pé omi ti gba ojú rẹ̀, mo sì yíjú sí ìkòkò mi kí n má wò ó.

Láti ọjọ́ kejì ló ti jáwọ́ nínú ọ̀rọ̀ oyè. Ó gbé gàárì ẹṣin rẹ̀, èyí tó fi wọ Ìdó-Odò, ó lọ fi ṣe pàṣípààrọ̀ ní Ọjà Ìbà. Oyin wọlé, iyọ̀ wọlé, obì àti orógbó wọlé. Ìyálé mi dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó ń wo ẹrù náà.

"Ìyàwó ta lo fẹ́ lọ gbé?" ó bi í.

"Èyí tó ti wà nílé," ó ní.

Ìyálé mi tẹ̀ba, ó bẹ̀rẹ̀ sí ka obì náà.

Ṣùgbọ́n bí a ṣe máa wọ Ìdó-Odò ló kù. Wọ́n ti gbá ẹsẹ̀ rẹ̀. Ó di dandan kí ọmọ ìlú kan pè é wọlé. Mo ní kò burú, àbúrò bàbá mi ń ta ẹní, á ti dé Ọjà Ìbà lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, òun la máa bẹ̀ kó lọ bá bàbá mi sọ ọ́. Bàbá Ẹlẹ́ní ni gbogbo ayé ń pè é. Òun ló máa ń gbé mi jókòó sórí ẹní tuntun nígbà tí mo wà ní kékeré, á ní kí n dán an wò.

A bá a lábẹ́ igi lóòótọ́. Ọjà kún, ó ń hó. Ó ti tú ẹní sílẹ̀, kò sì tà á. Ó jókòó sórí rẹ̀, ó ń wo ọ̀nà tí mo máa ń gbà wá. Nígbà tó rí mi, ó dìde, ó tún jókòó. Mo kúnlẹ̀, mo bẹ̀rẹ̀ ìkíni. N kò tíì dé ìdajì nígbà tí ọkọ mi bọ́ fìlà rẹ̀, tó bọ́ bàtà, tó sì nà gbalaja nínú eruku Ọjà Ìbà, níṣojú oníyọ̀, níṣojú alágbẹ̀dẹ, níṣojú àwọn ọmọ Bẹ́yẹrúnkà tí wọ́n bá a jagun.

Ariwo sọ. "Ta nìyẹn? Ajẹ́lẹ̀ kọ́ nìyẹn? Fún ẹlẹ́ní?" Ẹnì kan ní kí wọ́n gbé e, pé bóyá gìrì ló gbé e. Ó wà nílẹ̀. Ó ní, ẹnu rẹ̀ sì fẹ́rẹ̀ẹ́ kan ilẹ̀:

"Bàbá, ẹ bá mi bẹ ẹ̀gbọ́n yín. Ọmọ wọn wà lọ́wọ́ mi, mi ò tọrọ rẹ̀. Mo wá tọrọ rẹ̀. Ìdána wà nílé. Ẹ ní kí wọ́n pè mí wọlé."

Bàbá Ẹlẹ́ní ò sọ̀rọ̀. Mo rò pé ó ń ṣe bí àwọn bàbá ìyàwó, pé ó fẹ́ kó pẹ́ nílẹ̀ díẹ̀. Mo tilẹ̀ ń rẹ́rìn-ín, ẹ gbà mí gbọ́. Inú mi ń dùn níbẹ̀, lórí ìkúnlẹ̀. Nígbà tí mo gbójú sókè ni mo rí ẹnu rẹ̀ tó ń gbọ̀n.

"Mi ò lè fẹnu ara mi ní kó dìde," ó ní. "Èmi kọ́ ni bàbá ọmọ."

"Ẹ bá wa sọ fún bàbá ọmọ," mo ní.

"Ìyá mi," ó ní, bí ó ṣe ń pè mí ní kékeré nìyẹn, "ohun tó gbé mi wá lónìí nìyẹn. Láti àárọ̀ ni mo ti jókòó, mi ò mọ bí mo ṣe máa sọ ọ́. Bàbá rẹ ti sùn. A ti sin ín."

Mi ò ké. Mo kàn ń wo ẹ̀yìn ọkọ mi. Ó ti gbọ́. Mo rí bí èjìká rẹ̀ ṣe wọlẹ̀, ṣùgbọ́n kò dìde. Ta ni yóò ní kó dìde? Ẹni kan ṣoṣo tó lè sọ ọ́ ti wọlẹ̀ lọ. Oòrùn dá sí i lẹ́yìn.

Bàbá Ẹlẹ́ní wá nu ojú rẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀, ó fọwọ́ kan ọkọ mi lẹ́yìn.

"Ẹ̀gbọ́n mi fi iṣẹ́ kan rán mi," ó ní. "Ní alẹ́ tó ku ọ̀la kó lọ, ó ní, 'Ọkùnrin yẹn á wá lọ́jọ́ kan. Tó bá wá, tó bá dọ̀bálẹ̀, ẹ bá mi ní kó dìde. Ẹ má jẹ́ kó pẹ́ nílẹ̀. Mo mọ bí oòrùn ṣe máa ń mú lára ẹni tó ń dúró de ènìyàn.' Dìde, àna wa."

Ọkọ mi dìde. Eruku bo irùngbọ̀n rẹ̀. Ó ń sunkún bí ọmọdé, kò sì fọwọ́ bojú.

A gun òkè padà sí Bẹ́yẹrúnkà, òun níwájú, èmi lẹ́yìn, Bàbá Ẹlẹ́ní ru ẹní tẹ̀ lé wa. Ìgbà náà ni ẹkún tó dé. Mo ké, mò ń ki bàbá mi, mò ń ki ilé bàbá mi, mò ń pe ahunṣọ, mò ń pe odò wa, orin tó yẹ kí n kọ lọ́jọ́ tí mo ń lọ sílé ọkọ ló ń jáde lẹ́nu mi láìpè é. Àwọn obìnrin tó ń ti odò Ògùnpa bọ̀ sọ omi kalẹ̀. Àwọn ará Ìdó-Odò tó wà lọ́jà ti tẹ̀ lé wa, àwọn ni wọ́n ń bá mi gbè é. Kò sẹ́ni tó lè sọ bóyá òkú là ń sunkún tàbí ìyàwó là ń sìn.

Ìròyìn ti ṣáájú wa délé. Nígbà tí mo dé ẹnu ọ̀nà agboolé, ìyálé mi dúró síbẹ̀ pẹ̀lú igbá omi. Mo fẹ́ kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ó dí ọ̀nà mọ́ mi.

"Dúró ńbẹ̀," ó ní. "Níbo lò ń gbé ẹsẹ̀ eléruku yẹn lọ?"

Obìnrin tó jù mí lọ yẹn bẹ̀rẹ̀ sílẹ̀ níwájú mi, níṣojú gbogbo ilé, ó bu omi sí mi lẹ́sẹ̀ ọ̀tún, ó bu ú sí tòsì, ó sì fi ìró tí mo pa láró fún un nù wọ́n gbẹ. Ó ní, "Ìyàwó, máa wọlé." Mo wọlé. Mo wẹ̀yìn láti wá bàbá mi, bí ìyàwó ṣe máa ń wẹ̀yìn, kò sì sí i láàárín àwọn tó tẹ̀ lé wa.